Lẹ́nu Géètì Pápá Atakpamé

Àwọn tó tẹ Atakpamé ní Togo dó kò wá ilẹ̀ títẹ́jú. Ibi tí ọ̀tá kò ti ní tètè rọ́nà gbà ni wọ́n ń wá. Àwa Ifẹ̀, tí àwọn aládùúgbò ń pè ní Ana, gbà pé láti Ilé-Ifẹ̀ ni àwọn baba ńlá wa ti ṣí wá, àwọn òkè wọ̀nyí ni wọ́n sì fi ṣe odi nígbà tí ogun ń jà kiri. Ogun náà kì í ṣe àlọ́. Ní 1764, nítòsí ìlú yìí ni àwọn jagunjagun Ọ̀yọ́ àti ti Dahomey ti dojú ìjà kọ àwọn ọmọ ogun Asante, tí wọ́n sì ṣẹ́gun wọn. Nítorí náà, Djama, Woudou, Gnagna, àwọn àdúgbò àtijọ́ wọ̀nyẹn, ara òkè ni wọ́n lẹ̀ mọ́. Bí ọmọdé bá gbá bọ́ọ̀lù níwájú ilé wa, tí ẹni tí ó gbá a sí kò bá rí i mú, ó di àgbàlá àwọn ará ìsàlẹ̀. Ibẹ̀ ni wọn yóò ti fa ọmọ náà létí kí wọ́n tó dá bọ́ọ̀lù padà fún un.

Òyìnbó Jámánì pàápàá kò bá òkè náà du ohunkóhun. Rélùwéè tí wọ́n là láti Lomé, ìsàlẹ̀ ní Agbonou ni wọ́n fi ibùdó rẹ̀ sí. Nígbà tí wọ́n fẹ́ kọ́ ilé iṣẹ́ tí yóò máa gba afẹ́fẹ́ bá Jámánì sọ̀rọ̀ tààrà, orí pẹ̀tẹ́lẹ̀ Kamina ni wọ́n lọ, kò jìnnà sí ìlú. Àwọn fúnra wọn ló wó o palẹ̀ lóru ọjọ́ 24 mọ́jú ọjọ́ 25 oṣù Kẹjọ, 1914, kí àwọn Faransé àti àwọn Gẹ̀ẹ́sì tó ń bọ̀ má baà jogún rẹ̀. Mo ń sọ gbogbo èyí kí ẹ lè mọ ìdí tí pápá ìṣeré ìlú fi gba bọ́ọ̀lù, ijó, ìwọ́de, ìwàásù àti ọdún iṣu pọ̀. Kò sí ọ̀gá kan tó jókòó sí ọ́fíìsì tó ní kí wọ́n ṣe pápá tí yóò wúlò fún ohun gbogbo. Ilẹ̀ títẹ́ ló wọ́n, ẹni tó bá sì fẹ́ kó èrò jọ kò ní ibòmíràn tí yóò kó wọn sí.

Màmá mi ń ta àkàrà àti ẹ̀kọ lẹ́nu géètì pápá náà, èmi ni mo sì ń pọn omi fún un. Títí ó fi kú, kò mọ ohun tí wọ́n ń pè ní ófúsáìdì. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá ti dárúkọ ẹgbẹ́ tó ń bọ̀ lọ́jọ́ Àìkú, ó ti mọ iye ẹ̀wà tí òun yóò rẹ. Bí ó bá jẹ́ Semassi ti Sokodé, ẹ̀wà náà á pọ̀, torí pé àwọn ará Sokodé máa ń kún inú ọkọ̀ fọ́fọ́ wá, ebi ọ̀nà á sì ti pa wọ́n. Bí ó bá jẹ́ Gomido ti Kpalimé, á dín díẹ̀. Àwọn ti Lomé, Étoile Filante, Modèle, Dynamic, a máa fi ojú ará oko wò wá, àkàrà wa kò sì kọ́kọ́ ní wù wọ́n. Ó di ìgbà tí eré bá parí, tí a bá ti lù wọ́n tàbí tí wọ́n bá ti lù wá, kí wọ́n tó wá máa na ọwọ́ sórí agbada bíi ti gbogbo ènìyàn.

Ifodjè ni tiwa. Èmi kò tíì rí ará Atakpamé kan tó lè sọ̀rọ̀ nípa Ifodjè kí ohùn rẹ̀ má yí padà, ìbáà ṣe láti fi yìn ín tàbí láti fi ṣépè fún un. Eré a máa bẹ̀rẹ̀ nígbà tí oòrùn bá ti rọlẹ̀ díẹ̀. Àwọn ènìyàn ńlá á jókòó sábẹ́ òrùlé tí a ń pè ní tíríbúùnù, àwa yòókù á dúró yí ká, àwọn ọmọkùnrin á gun igi, wọ́n á gun ògiri, ọlọ́pàá á lé wọn sọ̀kalẹ̀, wọ́n á tún gùn ún. Ilẹ̀ wa pupa. Bí ẹ bá rí ọkùnrin tó wọ aṣọ funfun wọlé nígbà ọyẹ́, tó sì wọ aṣọ pupa jáde, ẹ má bi í bóyá ó wo eré náà dé òpin. Nígbà òjò ẹ̀wẹ̀, ẹrọ̀fọ̀ a máa mú bọ́ọ̀lù dúró gbọn-in lójú kan, àwọn mọ́kànlélógún á sì kóra jọ lé e lórí. Aṣọ́lé tiwa nìkan ni yóò dúró sẹ́yìn, tí yóò máa gbàdúrà.

Ṣáájú eré ńlá, àwọn kan máa ń sùn sínú pápá mọ́jú. Wọ́n ní àwọn ń ṣọ́ ọ kí àwọn àlejò má baà rán ẹni wá rì nǹkan sí ìdí òpó ilé góòlù. Bàbá mi, tó jẹ́ ọmọ ìjọ Kátólíìkì pọ́ńbélé, ní ohun tí kò yé òun ni pé àwọn tó ń ṣọ́ pápá náà gan-an ni erùpẹ̀ máa ń wà lọ́wọ́ wọn lọ́jọ́ kejì.

Nínú pápá yìí ni mo ti kọ́kọ́ gbọ́ bí a ṣe ń bú rẹfirí ní èdè Ewe, Akposso, Kotokoli àti Kabyè. Àwọn Kabyè ti wà lágbègbè wa tipẹ́, látìgbà tí ìjọba Faransé ti ń kó wọn láti àríwá wá sí ẹ̀bá ọ̀nà láti wá ṣiṣẹ́, kí wọ́n sì dáko. Láàárín ọ̀sẹ̀, oníkálukú wà ní abúlé rẹ̀ tàbí àdúgbò rẹ̀. Lọ́jọ́ tí Ifodjè bá ń gbá bọ́ọ̀lù, ìbínú wọn á ṣọ̀kan.

Àárín irú èrò bẹ́ẹ̀ ni Bàbá Ìbàdàn já sí ní 1983. Àbúrò bàbá mi ni. Ó ti lọ sí Nàìjíríà kí wọ́n tó bí mi, a kàn ń gbọ́ orúkọ rẹ̀ ni. Nígbà tó di oṣù Kìn-ín-ní ọdún yẹn tí ìjọba Shagari ní kí àwọn àjèjì tí kò ní ìwé kó jáde, òun náà ru àpò ńlá kan sórí, ó dé bá wa láìrò tẹ́lẹ̀. Kò dé pẹ̀lú owó. Ìtàn ló kó dé. Ọjọ́ Àìkú tó kọ́kọ́ bá wa lọ sí pápá, ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó bú sẹ́rìn-ín. Ó ní ṣé ibi tí ẹ ń sọ̀rọ̀ rẹ̀ nìyí? Láti ọjọ́ náà, kò sí eré tí kò ní sọ fún wa nípa Liberty Stadium ní Òkè-Àdó: bí wọ́n ṣe ṣí i ní 1960 nígbà òmìnira, bí ó ṣe gba ènìyàn 35,000, bí koríko rẹ̀ ṣe tutù yọ̀yọ̀. Ó sọ bí Shooting Stars ṣe fẹ̀yìn Tonnerre ti Yaoundé lélẹ̀ ní 1976, tí wọ́n fi di ẹgbẹ́ àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà tó gba ife ilẹ̀ Áfíríkà. Ó sọ bí Ghana, Algeria, Morocco àti Guinea ṣe wá pàdé níbẹ̀ nígbà ìdíje ilẹ̀ Áfíríkà ti 1980.

Èyí tó ju gbogbo rẹ̀ lọ ni ti ẹ̀ṣẹ́. Ọjọ́ 10 oṣù Kẹjọ, 1963: Dick Tiger, ọmọ Ìgbò, dúró nínú Liberty láti kan ẹ̀ṣẹ́ pẹ̀lú Gene Fullmer ará Amẹ́ríkà nítorí àmì-ẹ̀yẹ gbogbo ayé. Bàbá Ìbàdàn ní òun wà níbẹ̀. Lọ́jọ́ kan yóò ní òun ra tíkẹ́ẹ̀tì, lọ́jọ́ kejì yóò ní ọ̀gá òun ló mú òun wọlé. Ṣùgbọ́n apá tó kan ẹ̀ṣẹ́ náà kì í yí padà: Tiger lu Fullmer fún ìpele méje, nígbà tí wọ́n lu aago ìpele kẹjọ, Fullmer kò dìde mọ́. Mo ti ka ìwé nípa ìjà náà lẹ́yìn ìgbà yẹn. Bí ó ti sọ ọ́ ló rí.

Ohun tó máa ń fi parí ọ̀rọ̀ ni pé ìyà ló ń jẹ pápá tiwa. Ó ní pápá bọ́ọ̀lù, bọ́ọ̀lù nìkan ló yẹ kí wọ́n máa gbá níbẹ̀. Pé ẹ̀yin ń jó lórí rẹ̀, ẹ ń yan lórí rẹ̀, ẹ ń wàásù lórí rẹ̀, báwo ni koríko yóò ṣe hù? Lọ́jọ́ kan màmá mi gbé ìpọn sílẹ̀.

“Bàbá Ìbàdàn,” ó ní, “ẹ má bínú o. Ẹ̀yin náà lẹ sọ pé ẹ̀ṣẹ́ ni wọ́n kàn ní Liberty lọ́jọ́ yẹn. Ṣé ẹ̀ṣẹ́ ni wọ́n fi ń gbá bọ́ọ̀lù nílẹ̀ Ìbàdàn ni?”

A kò gbọ́ ohùn Bàbá Ìbàdàn mọ́ títí eré fi parí.

Ṣùgbọ́n òótọ́ wà nínú ọ̀rọ̀ rẹ̀. Ohun tí èmi fúnra mi mọ̀ jù nípa pápá náà kì í ṣe bọ́ọ̀lù, ijó ni. Láti 1969 tí wọ́n ti dá RPT sílẹ̀, ẹgbẹ́ òṣèlú kan ṣoṣo ló wà ní Togo, ẹgbẹ́ náà sì fẹ́ràn kí a máa jó fún un. Wọ́n ń pe é ní animation. Bí ayẹyẹ bá ti ń súnmọ́lé, ọ̀sán wa nílé ẹ̀kọ́ ti di ti pápá. Wọ́n á tò wá ní ìlà ní ìlà, àwọn tó ga lẹ́yìn, àwa kúkúrú níwájú. A ó na ọwọ́ lẹ́ẹ̀kan náà, a ó yí ìdí lẹ́ẹ̀kan náà, ẹni tó bá ṣe é lódì ni yóò mú kí gbogbo ìlà tún un ṣe. Orin tí wọ́n kọ́ wa kún fún orúkọ Ààrẹ Eyadéma débi pé mo mọ bí wọ́n ṣe ń fi orúkọ náà kọrin kí n tó mọ bí wọ́n ṣe ń kọ ọ́ sílẹ̀. Lọ́jọ́ tó bá dé, a ó wọ aṣọ kan náà, aṣọ tí àwòrán rẹ̀ wà láyà wa àti lẹ́yìn wa.

Ọyẹ́ oṣù Kìn-ín-ní kì í ṣàánú ọmọdé. A gbọ́dọ̀ ti wà níbẹ̀ kí ilẹ̀ tó mọ́, àwọn tí à ń retí kò sì ní dé títí oòrùn yóò fi mú. Ètè wa á bó. Ọjọ́ 13 ni àjọ̀dún Ìdáǹdè, ọjọ́ 24 sì jẹ́ ti Sarakawa, níbi tí ọkọ̀ òfurufú Ààrẹ ti já ní 1974 tí òun sì yè é. Ọjọ́ òmìnira gan-an, ọjọ́ 27 oṣù Kẹrin, kì í gbóná tó báyẹn láyé ìgbà náà. A kò béèrè ìdí. Bàbá mi ló sọ fún mi nígbà tí mo dàgbà díẹ̀, lẹ́yìn tó ti ti fèrèsé, pé ọjọ́ 13 tí à ń jó sí yẹn náà ni wọ́n pa Sylvanus Olympio, ààrẹ wa àkọ́kọ́, ní 1963. Pé lọ́jọ́ tó pé ọdún mẹ́rin géérégé ni Eyadéma gba ìjọba. Mo jó ní ọdún tó tẹ̀ lé e náà. Kí ni n bá ṣe? Ọwọ́ mi ń nà, mo sì ń ṣọ́ ojú àwọn àgbàlagbà tó jókòó sábẹ́ tíríbúùnù, bóyá màá rí ẹni tí òun náà ń ronú nípa rẹ̀.

Síbẹ̀, èké ni màá ṣe bí mo bá ní n kò gbádùn rẹ̀ rárá. Àwọn tó ń kọ́ wa níjó mọ iṣẹ́ wọn. Wọ́n mú ẹsẹ̀ láti inú ijó Ifẹ̀, wọ́n mú èjìká láti inú ijó Ewe, wọ́n dà wọ́n pọ̀. Mo mọ obìnrin méjì kan tí wọ́n di ọ̀rẹ́ nínú ìlà náà, tí wọ́n sì fi di àna ara wọn lẹ́yìn ọdún púpọ̀. Ìjọba kó wa jọ fún ìyìn ara rẹ̀, àwa sì fi ìkójọ náà ṣe ohun mìíràn tí kò sí nínú ètò. Ní ti màmá mi, ó gbà pé ọjọ́ ijó sàn ju ọjọ́ bọ́ọ̀lù lọ. Ẹni tó wá wo bọ́ọ̀lù lè gbàgbé ebi. Ọmọ tí wọ́n ní kó dúró láti ìdájí kò lè gbàgbé.

Nígbà iṣu tuntun ni pápá náà ń di tiwa pátápátá. Odon-Itsu ni ọdún náà, àwọn Ifẹ̀ Ogou àti Anié a sì máa wálé fún un láti ibi gbogbo. Ohun tí à ń bọ kì í jáde sínú pápá. Ìyẹn ní ibi tirẹ̀ àti àwọn tirẹ̀, obìnrin bíi tèmi kò sì ní máa sọ ọ́ kiri. Èyí tí àlejò lè wò ni à ń gbé síta: ìlù, ijó, àwọn ọba àti ìjòyè lábẹ́ agboòrùn. Lẹ́yìn náà ni àwọn Tchébé yóò yọ.

Ẹni tí kò bá rí Tchébé rí yóò rò pé àsọdùn ni. Àgéré tí wọ́n ń so mọ́ ẹsẹ̀ ga ju òrùlé ilé lọ. Ọ̀dọ́mọkùnrin á jókòó sórí òrùlé tàbí sórí ògiri kí wọ́n tó lè so ó mọ́ ọn lẹ́sẹ̀, tó bá sì ti dìde, kò sí ìdúró mọ́, nítorí pé ẹni tó bá dúró yóò ṣubú. Nínú ìrìn náà ni yóò ti máa jó, tí yóò máa yí, tí yóò gbé ẹsẹ̀ kan sókè tí yóò sì fi ìkejì tọ. Àwọn ìyá á dákẹ́. Ní ojú pópó Atakpamé, òkè àti gọ́tà kò ní jẹ́ kí wọ́n jó tó bí wọ́n ṣe fẹ́. Inú pápá nìkan ni wọ́n ti lè fi gbogbo ara jó, wọn a sì rìn láti ilé góòlù kan dé èkejì.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti ń dìjà nìyẹn. Ẹnu àgéré a máa gún ilẹ̀. Bí ọdún bá parí, ihò a kún inú pápá káàkiri, ọjọ́ Àìkú tó tẹ̀ lé e sì ni agbábọ́ọ̀lù kan yóò fi ẹsẹ̀ sí ọ̀kan nínú wọn. Mo rántí ọdún kan tí àwọn Ifodjè àti àwọn oníjó jọ pariwo mọ́ ara wọn lẹ́nu géètì títí ilẹ̀ fi ṣú. Agbábọ́ọ̀lù tó ń pariwo jù lọ, àbúrò rẹ̀ wà lára àwọn oníjó. Wọ́n wá pín iṣẹ́: àwọn oníjó yóò máa ru iyanrìn, àwọn agbábọ́ọ̀lù yóò máa tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀. N kò rò pé ìwé kankan wà lórí àdéhùn yẹn.

Àwọn ìlò yòókù kò gba ọ̀rọ̀ púpọ̀. Àwọn ajíhìnrere a máa gbé gbohùngbohùn ńlá wá, wọ́n á wo aláìsàn sàn títí di òru. Àwọn ilé ẹ̀kọ́ a máa sáré ìje níbẹ̀. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ École Normale Supérieure, tí wọ́n dá sílẹ̀ nílùú wa ní 1968, a máa wá gbá bọ́ọ̀lù pẹ̀lú ìwé lápò ẹ̀yìn, bíi pé wọn yóò kàwé láàárín ìlàjì eré.

Ní 1990, Ifodjè gba ife-ẹ̀yẹ líìgì Togo. Ó ti pẹ́ tí ife náà ti ń lọ sí Lomé, Sokodé àti Kara. A ti gbà lọ́kàn wa pé ohun tó bá gòkè dé Atakpamé, ó rẹ̀ ẹ́ kó tó dé. Ọjọ́ tí ọ̀rọ̀ náà dájú, ìwo ọkọ̀ kò dákẹ́ lójú títì ńlá. Àwọn awakọ̀ akẹ́rù tó ń lọ sí Burkina, tí wọn kò mọ Ifodjè rí, bá wa fọn tiwọn. Òróró tán lọ́wọ́ màmá mi kí oòrùn tó wọ̀, ó sì kọ̀ láti lọ ra òmíràn. Ó jókòó, ó ń wo àwọn ènìyàn. N kò tíì rí i kó jókòó lẹ́nu géètì yẹn láìṣiṣẹ́ ṣáájú ọjọ́ náà.

Ayọ̀ náà kò jìnnà. Ní 1991, ẹgbẹ́ òṣèlú púpọ̀ padà dé, wọ́n ṣe àpérò gbogbogbòò ní Lomé láti oṣù Keje wọ oṣù Kẹjọ, animation sì wọlé lọ. Láti ìparí 1992, ìyanṣẹ́lódì ńlá bẹ̀rẹ̀ tó gba oṣù púpọ̀ nínú 1993. Ọjà tú. Ọ̀pọ̀ nínú àwọn tí a jọ jó gba Bénin lọ, wọ́n gba Ghana lọ. Ìgbà yẹn ni mo wá rí pápá náà lófìfo lọ́jọ́ Àìkú, tí ewúrẹ́ ń jẹ koríko lójú ilé góòlù. Koríko! Bàbá Ìbàdàn ní òun ti sọ pé yóò hù bí ẹ bá fi í sílẹ̀.

Ní 2000 ni wọ́n ṣí pápá ńlá ti Kégué ní Lomé, láti ìgbà náà sì ni ojú orílẹ̀-èdè ti kọ sọ́hùn-ún. Kò burú. Kégué ni àwọn ọmọ tó gbé wa dé Ife Àgbáyé 2006 ti ń gbá bọ́ọ̀lù nílé. Ọmọ Nàìjíríà, Stephen Keshi, ló kọ́ wọn tí wọ́n fi yege, wọ́n sì gba iṣẹ́ náà lọ́wọ́ rẹ̀ kí ìdíje tó bẹ̀rẹ̀. Bàbá Ìbàdàn kò jẹun lọ́jọ́ tó gbọ́ ọ. Ọjọ́ 13 oṣù Kẹfà, ọdún 2006, a kóra jọ síwájú tẹlifíṣọ̀n kan ṣoṣo ní àdúgbò wa, a ń wo Togo àti South Korea láti Frankfurt. Nígbà tí Kader Coubadja gbá bọ́ọ̀lù wọlé, wọ́n tì mí ṣubú. Wọ́n lù wá 2–1 nígbẹ̀yìn. Bàbá Ìbàdàn kò wo Kader rárá. Adebayor ló ń wò, tí Yorùbá bí sí Lomé, ó sì ń sọ fún gbogbo ẹni tó wà nítòsí pé irú orúkọ yẹn kò lè wá láti ibòmíràn bí kò ṣe ilé wa.

Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi ń gbá bọ́ọ̀lù báyìí. Ó wá kí mi láìpẹ́ yìí, ó ṣí eékún hàn mí, àpá lórí àpá. Ó ní ní ọ̀pọ̀ ìlú ní Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà, koríko oníke ni wọ́n ń tẹ́ sórí pápá, kí ló dé tí tiwa kò lè rí bẹ́ẹ̀? Mo bi í pé àwọn Tchébé ńkọ́, torí pé ọdún kan péré ni àgéré yóò fi ya koríko oníke sí wẹ́wẹ́. Ó ní, “Tàǹtí, wọ́n lè lọ máa jó sójú títì.” Mo ní títì wo, èyí tí àwọn ọkọ̀ akẹ́rù ń sá lé? Ó rẹ́rìn-ín, ó tún ṣí eékún kejì hàn mí.

A kò tíì parí ọ̀rọ̀ náà. Mo ti sọ fún un pé bí wọ́n bá ní kí a dìbò, eékún rẹ̀ ni màá dìbò fún. Ṣùgbọ́n mo ní kí ó kọ́kọ́ lọ bá mi béèrè iye tí wọn yóò máa gbà lọ́wọ́ ẹni tó bá fẹ́ wọlé láàárín ọ̀sẹ̀, àti ẹni tí kọ́kọ́rọ́ géètì náà yóò wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó ní òun yóò béèrè.